Shigehara Hideo: Ayàwòrán Sinimá Aláìfọhùn ní Ilẹ̀ Jàpáàn àti Ìlérí Ẹ̀rọ Ohùn

Ìfáàrà

Bí wọ́n bá dárúkọ Ozu Yasujiro láàárín àwọn tí ó mọ̀ nípa sinimá, ohun kan ni púpọ̀ nínú wọn máa ń kọ́kọ́ rántí: kámẹ́rà tí ó wà nílẹ̀ẹ́lẹ̀, tí ó dúró jẹ́ẹ́, tí ó ń wo ènìyàn bí ìgbà tí àlejò bá jókòó sórí ẹní nínú yàrá onílé. Orúkọ olùdarí ni wọ́n fi ń pe àrà náà. Ẹni tí ó dojú bolẹ̀ lẹ́yìn kámẹ́rà, tí ó ṣètò iná sí yàrá, tí ó sì mọ ìgbà tí oòrùn yóò dé ibi tí ó yẹ, kì í sábà rí ìdá kan nínú ìyìn náà gbà. Shigehara Hideo ni ẹni náà. Láti ọdún 1928 títí di ọdún 1936, òun ni ó ya èyí tí ó pọ̀ jù lọ nínú àwọn sinimá aláìfọhùn tí Ozu darí.

Láàárín ọdún wọ̀nyí kan náà, ó dáwọ́ lé ohun tí ayàwòrán kì í sábà dáwọ́ lé. Ó jókòó ti irin àti wáyà, ó ń wá bí yóò ṣe ṣe ẹ̀rọ tí ń gba ohùn sórí fíìmù. Nítorí ẹ̀rọ tí kò tíì parí yìí, olùdarí kan tí òkìkí rẹ̀ ti kàn fi nǹkan bí ọdún márùn-ún ya sinimá aláìfọhùn nígbà tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń ya olóhùn. Ọ̀rọ̀ iṣẹ́ ọnà, ọ̀rọ̀ owó àti ọ̀rọ̀ ìlérí láàárín ọ̀rẹ́ méjì ni ó pàdé nínú ìtàn yìí. Ó ṣòro láti yà wọ́n sọ́tọ̀.

Kí ọ̀rọ̀ má baà dàrú, ẹni tí àpilẹ̀kọ yìí ń pè ní ayàwòrán ni ẹni tí iṣẹ́ kámẹ́rà àti iná wà ní ìkáwọ́ rẹ̀. Olùdarí ni ó ń sọ ohun tí òṣèré yóò ṣe. Ayàwòrán ni ó ń sọ ohun náà di òjìji àti ìmọ́lẹ̀. Orúkọ ìdílé ni ó máa ń ṣáájú orúkọ àbísọ ní ilẹ̀ Jàpáàn, bẹ́ẹ̀ náà ni a sì kọ wọ́n síhìn-ín. Orúkọ Shigehara ní ìṣòro kékeré kan tí yóò dùn mọ́ àwọn olùkọ́ èdè. Àmì méjì ni wọ́n fi ń kọ ọ́ ní èdè Jàpáàn. Àwọn àmì náà ṣeé kà ní Shigehara, wọ́n sì ṣeé kà ní Mohara, gẹ́gẹ́ bí ọ̀rọ̀ Yorùbá tí a kò fi àmì ohùn sí ṣe lè jẹ́ ju ọ̀rọ̀ kan lọ. Shigehara ni ó wọ́pọ̀ nínú ìwé àwọn ará òkèèrè, ṣùgbọ́n ẹ̀rọ tí ó ṣe ń jẹ́ Mohara. Akẹ́kọ̀ọ́ tí kò bá mọ èyí lè rò pé ènìyàn méjì ni wọ́n.

Kamata

Shochiku jẹ́ ilé-iṣẹ́ tí ó ti ń ṣòwò tíátà tipẹ́ kí ó tó bẹ̀rẹ̀ sinimá ní ọdún 1920. Kamata, ní ìhà gúúsù Tokyo, ni ó kọ́ ibi ìyàwòrán rẹ̀ sí. Ohun tí ó pọ̀ nínú sinimá ilẹ̀ Jàpáàn títí di ìgbà náà kò jìnnà sí eré orí pèpéle: wọn a gbé kámẹ́rà kalẹ̀ sí ọ̀ọ́kán, ọkùnrin a máa ṣe obìnrin, ayàwòrán a sì máa yí ọwọ́ ẹ̀rọ títí eré yóò fi parí. Shochiku fẹ́ ohun tuntun. Ó pe Henry Kotani wá láti Amẹ́ríkà. Ọmọ Jàpáàn ni Kotani, ṣùgbọ́n Hollywood ni ó ti kọ́ṣẹ́ kámẹ́rà. Ó mú ọgbọ́n iná bọ̀: bí a ti ń fi pátákó dídán dá ìmọ́lẹ̀ oòrùn padà sí ojú òṣèré, bí a ti ń tan iná láti ẹ̀yìn kí irun àti èjìká má baà pòórá sínú òkùnkùn. Lọ́dọ̀ rẹ̀ ni àwọn ọ̀dọ́ Kamata ti rí i pé iṣẹ́ ayàwòrán ju yíyí ọwọ́ ẹ̀rọ lọ.

Ní oṣù kẹjọ ọdún 1923 ni Ozu, tí kò tíì pé ọmọ ogún ọdún, wọ Kamata. Kì í ṣe olùdarí ni wọ́n gbà á sí. Ọmọṣẹ́ ayàwòrán ni, iṣẹ́ rẹ̀ sì ni kí ó máa gbé kámẹ́rà láti ibì kan dé ibòmíràn. Kò tó oṣù kan lẹ́yìn náà, ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹsàn-án, ìmìtìtì ilẹ̀ ńlá wó Tokyo àti Yokohama, iná sì jó ohun tí kò wó. Àwọn tí ó kú lé ní 100,000. Kamata pàápàá fara gbá a, ọ̀pọ̀ nínú àwọn òṣìṣẹ́ sì kó lọ sí Kyoto fún ìgbà díẹ̀. Nígbà tí wọ́n padà, Kido Shiro di ọ̀gá ibẹ̀ ní ọdún 1924. Ó ní kí wọ́n máa ya ìtàn àwọn mẹ̀kúnnù: akọ̀wé tí owó oṣù rẹ̀ kò tó ná, akẹ́kọ̀ọ́ tí ó jáde tí kò ríṣẹ́, ìyá tí ó ń dá tọ́mọ. Irú ìtàn báyìí kò fẹ́ ààfin tàbí ogun. Yàrá kékeré, ojú pópó àti ojú ènìyàn ni wọ́n nílò, ayàwòrán ni yóò sì sọ wọ́n di ohun àwòtúnwò.

Ibi tí Ozu ti bẹ̀rẹ̀ yìí ní ìtumọ̀ nínú ohun tí ó ń bọ̀ níwájú. Olùdarí tí èjìká òun fúnra rẹ̀ ti ru kámẹ́rà rí mọ bí ó ti wúwo tó. Nígbà tí òun àti Shigehara bẹ̀rẹ̀ sí í ṣiṣẹ́ pọ̀ ní ọdún 1928, ọmọ inú iṣẹ́ kan náà ni àwọn méjèèjì.

Ojú tí ó ń wo ilẹ̀

Kamata kò fún ẹnikẹ́ni ní ìsinmi. Ní àwọn ọdún àkọ́kọ́ yẹn, Ozu lè darí sinimá márùn-ún tàbí mẹ́fà láàárín ọdún kan. Ọjọ́ mẹ́ta péré ni wọ́n fi ya *Tokkan kozo* ní ọdún 1929, ìtàn ọmọ oníjàgídíjàgan kan tí àwọn gbọ́mọgbọ́mọ gbé tí wọ́n sì kábàámọ̀. Iṣẹ́ kánjúkánjú báyìí ni ó kọ́ Shigehara bí a ti ń fi ohun díẹ̀ ṣe púpọ̀.

Inú ìnira irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ni kámẹ́rà ilẹ̀ẹ́lẹ̀ ti jáde, bí ọ̀rọ̀ Ozu fúnra rẹ̀ bá jẹ́ òtítọ́. Nígbà tí wọ́n ń ya *Nikutaibi* ní ọdún 1928, ilé ọtí ni wọ́n ṣe sínú gbọ̀ngàn. Iná tí wọ́n ní kò pọ̀. Bí wọ́n bá ti ya ìhà kan tán, wọn a kó gbogbo iná lọ sí ìhà kejì. Wáyà iná wá nà kalẹ̀ káàkiri ilẹ̀ yàrá. Bí kámẹ́rà bá ga, yóò rí wáyà. Bí wọ́n bá sì ń kó wáyà kúrò ní gbogbo ìgbà, ilẹ̀ yóò ṣú bá wọn. Wọ́n gbé kámẹ́rà sọ̀ kalẹ̀, wọ́n sì gbé ojú rẹ̀ sókè díẹ̀. Wáyà pòórá. Nígbà tí wọ́n wo àwòrán náà, ó wù wọ́n, wọ́n sì ń ṣe é lọ. Ozu fẹ́ràn àwàdà, ó sì ṣeé ṣe kí ó fi díẹ̀ dùn nínú ìtàn yìí. Àwọn onímọ̀ kan sọ pé ìjókòó orí ẹní ni ó fa á, àwọn mìíràn ní ojú ọmọdé ni. *Nikutaibi* fúnra rẹ̀ ti sọnù, kò sí ẹni tí ó lè fi ojú ara rẹ̀ wò ó mọ́. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ti ṣiṣẹ́ níbi tí iná kò tó rí yóò fara mọ́ ìtàn wáyà náà.

Gbígbé kámẹ́rà sọ̀ kalẹ̀ rọrùn láti sọ lẹ́nu. Ìwọ̀n gbogbo nǹkan ni ó ń yí padà. Àjà ilé a wọ inú àwòrán, iná tí wọ́n máa ń so kọ́ sókè kò ní ibi tí yóò fara pamọ́ sí mọ́. Ilẹ̀ a fẹ́rẹ̀ẹ́ pòórá, nítorí náà ìkòkò tí ó wà níwájú àti ènìyàn tí ó wà lẹ́yìn a dà bí ohun tí ó jókòó sórí ìlà kan. Ayàwòrán ni yóò wá ọ̀nà láti fi ìmọ́lẹ̀ àti òjìji là wọ́n níyà. Òun fúnra rẹ̀ kò ní ibi tí yóò dúró sí: àyà rẹ̀ ni yóò dà délẹ̀ kí ojú rẹ̀ tó bá ojú ẹ̀rọ ṣe déédéé.

Nínú *Sono yo no tsuma* ti ọdún 1930, ọkùnrin kan jalè kí ó lè rówó wo ọmọ rẹ̀ tí ara rẹ̀ kò yá. Ọlọ́pàá tẹ̀ lé e délé. Láti ìgbà náà títí di òwúrọ̀, inú yàrá kan náà ni bàbá, ìyá, ọmọ àti ọlọ́pàá wà. Àwọn tí ń wò ó kò gbọ́ aago tí ń lu, kò sì sí ẹni tí ó sọ fún wọn pé ilẹ̀ ti ń mọ́. Iná tí Shigehara ṣètò ni ó ń sọ ọ́: òkùnkùn tí ó yí fìtílà ká lóru, àti ìmọ́lẹ̀ àárọ̀ tí ó ń yọ́ wọlé láti ojú fèrèsé. *Hijosen no onna* ti ọdún 1933 jẹ́ ìtàn àwọn jàǹdùkú ìlú ńlá, ó sì kún fún òjìji ara ògiri àti fìlà tí wọ́n tò sára kọ́ọ̀bù. Ìfẹ́ tí Ozu ní sí sinimá Amẹ́ríkà hàn gbangba níbẹ̀, ó tilẹ̀ hàn jù díẹ̀.

Èyí tí gbogbo ayé mọ̀ jù ni *Umarete wa mita keredo*, tí ó jáde ní ọdún 1932. Ọmọkùnrin méjì, tẹ̀gbọ́n tàbúrò, kó lọ sí ẹ̀yìn odi Tokyo pẹ̀lú òbí wọn. Wọ́n rò pé bàbá àwọn ni ọkùnrin tí ó tóbi jù láyé. Shigehara gbé kámẹ́rà kọjá lára àwọn ọmọ tí wọ́n jókòó ní ìlà nínú kíláàsì. Lójijì, kámẹ́rà kan náà, ní ìwọ̀n ìyára kan náà, ń kọjá lára àwọn akọ̀wé tí wọ́n jókòó ní ìlà nínú ọ́fíìsì, tí wọ́n ń yán lọ́kọ̀ọ̀kan. Kò sí ọ̀rọ̀ kankan tí wọ́n kọ sójú àwòrán. Ibi tí ilé ẹ̀kọ́ ń kó àwọn ọmọ náà lọ ti yé olúwarẹ̀.

Lẹ́yìn èyí ni òru tí ọ̀gá bàbá wọn pe àwọn ènìyàn sí ilé láti wo sinimá tí ó fi kámẹ́rà kékeré rẹ̀ yà. Àwọn ọmọ náà kọ́kọ́ ń jiyàn lórí sẹ́bírà tí wọ́n rí: ṣé ẹranko funfun tí ó ní ilà dúdú ni, àbí dúdú tí ó ní ilà funfun? Ayàwòrán tí àwọ̀ méjì péré wà níkàáwọ́ rẹ̀ ni ó ń fi iṣẹ́ ara rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́ níbẹ̀. Àfi bí bàbá wọn ṣe yọ lójú àwòrán, tí ó ń yọjú, tí ó ń ṣe bí aṣiwèrè kí ọ̀gá lè rẹ́rìn-ín. Àwọn àgbà ń rẹ́rìn-ín. Ojú àwọn ọmọ méjèèjì yí padà. Wọ́n délé, wọ́n bi bàbá wọn léèrè ìdí tí ó fi ń tẹrí ba fún ọ̀gá, wọ́n sì kọ oúnjẹ. Àwòrán ni ó tú àṣírí bàbá fún àwọn ọmọ rẹ̀, Shigehara sì ya àwòrán náà àti ojú àwọn tí ń wò ó.

Ìwé ìròyìn *Kinema Junpo*, níbi tí àwọn alárìíwísí ti ń dìbò yan sinimá tí ó dára jù lọ́dọọdún, fi í sí ipò kìíní fún ọdún 1932. *Dekigokoro* gba ipò kan náà ní 1933. *Ukikusa monogatari* gbà á ní 1934. Aláìfọhùn ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, Shigehara ni ó sì ya ti ọdún 1932 àti ti ọdún 1934. Ní ọdún 1931 ni Shochiku ti gbé sinimá olóhùn jáde.

Àwọn tí ohùn lé jáde

Sinimá aláìfọhùn kò dákẹ́ ní ilẹ̀ Jàpáàn rí. Ẹni tí wọ́n ń pè ní benshi a máa dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ aṣọ funfun tí àwòrán ń hàn lára rẹ̀, a máa sọ ìtàn, a máa fọ ohùn ọkùnrin, a máa fọ ohùn obìnrin àti ti ọmọdé. Àwọn kan wà tí wọ́n ń lọ wo sinimá nítorí benshi tí yóò sọ ọ́, láìka òṣèré inú rẹ̀ sí. Ó ṣeé ṣe kí èyí wà lára ìdí tí ohùn orí fíìmù kò fi tètè borí níbẹ̀ bí ó ti borí ní Amẹ́ríkà.

Ní oṣù kẹjọ ọdún 1931 ni *Madamu to nyobo* jáde láti Kamata, Gosho Heinosuke ni ó darí rẹ̀, òun sì ni wọ́n kà sí sinimá olóhùn àkọ́kọ́ tí ó yanjú ní ilẹ̀ Jàpáàn. Ẹ̀rọ tí Tsuchihashi Takeo ṣe fún Shochiku ni wọ́n lò. Ọkàn àwọn benshi ò balẹ̀ mọ́. Ní ọdún 1932 wọ́n daṣẹ́ sílẹ̀, wọn kò sì borí. Ẹ̀gbọ́n Kurosawa Akira, tí ó di olùdarí ńlá lẹ́yìn náà, wà lára àwọn aṣáájú wọn. Heigo ni orúkọ rẹ̀. Ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ pa ara rẹ̀ ní ọdún 1933. Fún ọ̀pọ̀ ènìyàn, ohùn tí ó wọ inú sinimá dà bí àlejò tí ó wọlé tí onílé jáde.

Ìnira ti àwọn ayàwòrán yàtọ̀. Kámẹ́rà ń pariwo. Ní àkókò aláìfọhùn, kò sí ẹni tí ariwo náà dí lọ́wọ́. Olùdarí lè máa pàṣẹ fún òṣèré bí eré ti ń lọ. Nígbà tí makirofóònù dé, wọ́n ní láti di kámẹ́rà pa sínú àpótí tàbí kí wọ́n fi nǹkan bò ó. Ọwọ́ ẹ̀rọ tí ayàwòrán fi ń sáré tí ó sì fi ń rọra bí ó ti fẹ́ wá di ohun tí mọ́tò ń yí, àwòrán 24 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, kò gbọdọ̀ dín, kò gbọdọ̀ lé, nítorí ohùn yóò yí padà. Oníṣẹ́ ohùn sì di ẹni tí ó lè sọ pé kí wọ́n dá iṣẹ́ dúró. Shigehara rí gbogbo èyí, ó sì pinnu pé òun ni yóò ṣe ẹ̀rọ náà.

Ìlérí

Bí irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀ ṣe ń ṣiṣẹ́ kò ṣòro láti ṣàlàyé, àfi láti ṣe é. Makirofóònù ń sọ ohùn di iná mànàmáná tí ó ń lọ sókè sódò. Iná náà ni ó ń darí ìmọ́lẹ̀ kékeré kan tí ó ń bọ́ sí etí fíìmù bí fíìmù ti ń sáré kọjá. Bí wọ́n bá fọ fíìmù náà tán, ilà tẹ́ẹ́rẹ́ kan yóò wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ àwòrán, ibì kan dúdú, ibì kan fẹ́ẹ́rẹ́. Nínú ilé sinimá, ìmọ́lẹ̀ mìíràn a gba inú ilà yìí kọjá, a sì tún di ohùn padà. Àwòrán ohùn ni, ní tòótọ́, àti pé láti ojú ìwòye yìí, kò yani lẹ́nu pé ayàwòrán ni ó lọ dáwọ́ lé e. Ó ti lo ọ̀pọ̀ ọdún láti mọ bí ìmọ́lẹ̀ ti ń kọ nǹkan sára fíìmù.

Ẹ̀rọ òkèèrè wà, ṣùgbọ́n owó gọbọi ni wọ́n ń béèrè. Ẹ̀rọ Tsuchihashi wà nílé, Shochiku sì ti fara mọ́ ọn. Ẹ̀rọ Shigehara kò ní ilé-iṣẹ́ tí ó dúró tì í. Ohun tí ó ní ni ọ̀rọ̀ ẹnu Ozu: pé nígbà tí Ozu bá máa ya olóhùn rẹ̀ àkọ́kọ́, ẹ̀rọ Shigehara ni yóò lò. Ozu sọ̀rọ̀ ìlérí yìí fúnra rẹ̀ lẹ́yìn náà. Ọdún 1932 lọ, 1933 lọ, ẹ̀rọ kò tíì dára tó. Gosho ti ń ya olóhùn. Àwọn tí ń wo sinimá ń béèrè olóhùn. Ozu ń dúró.

Kì í ṣe ìlérí nìkan ni ó mú kí Ozu dúró, kò sì yẹ kí a sọ ìtàn náà di ti ìfẹ́ ọ̀rẹ́ lásán. Ó ti mọ aláìfọhùn débi tí ó mọ ohun tí ó lè fi ṣe, ó sì wù ú láti rìn ín dé òpin. Ṣùgbọ́n ilé-iṣẹ́ tí ó gbà á síṣẹ́ ń fẹ́ owó, ìfẹ́ ọkàn olùdarí nìkan kì í sì í tó láti fi dá irú ilé-iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ lóhùn. Ọ̀rọ̀ tí ó ti bá Shigehara sọ fún un ní ibi tí yóò fẹ̀yìn tì. Bí ó bá ti yí ohùn padà ní ọdún 1932, *Dekigokoro* àti *Ukikusa monogatari* tí gbogbo ayé mọ̀ kì bá tí wà, tàbí kí wọ́n jẹ́ nǹkan mìíràn.

*Tokyo no yado* kì bá tí wà pẹ̀lú. Ọdún 1935 ni wọ́n yà á, orin nìkan ni wọ́n sì fi sí i. Bàbá tí kò níṣẹ́ ń rìn káàkiri pẹ̀lú ọmọkùnrin rẹ̀ méjì ní ibi tí ilé-iṣẹ́ ńláńlá wà ní ìlà-oòrùn Tokyo. Ilẹ̀ náà tẹ́ rẹrẹ. Òpó wáyà, àgbá gáàsì àti kẹ̀kẹ́ gbàǹgbà tí wọ́n fi ń ká wáyà nìkan ni ó dúró. Kámẹ́rà Shigehara sún mọ́lẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ojú ọ̀run gba ibi tí ó pọ̀ nínú àwòrán, ènìyàn mẹ́ta náà sì kéré lábẹ́ rẹ̀. Ebi ń pa wọ́n. Wọ́n jókòó sórí koríko, ọmọ bu ọtí tí kò sí sínú ife tí kò sí fún bàbá rẹ̀, bàbá mu ún, ó nu ẹnu, ó yìn ín. Àwọn ọmọ náà jẹ ìrẹsì tí kò sí. Bí ohùn bá wà níbẹ̀, ó ṣeé ṣe kí ẹnìkan sọ̀rọ̀ jù.

Ọmọ kan ṣoṣo

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1936, Shochiku kó kúrò ní Kamata lọ sí Ofuna, nítorí pé àwọn ilé-iṣẹ́ tí ó yí Kamata ká ń pariwo jù fún olóhùn. *Daigaku yoitoko* ni aláìfọhùn tí Ozu yà kẹ́yìn, ó jáde ní ọdún náà. Ó ti sọnù. Bí ìdajì àwọn aláìfọhùn rẹ̀ ni ó sọnù báyìí, iṣẹ́ Shigehara sì bá wọn lọ.

Ẹ̀rọ Shigehara wá ṣetán, ó sì ti bọ́ sí àkókò tí kò sí àyè fún un. Ẹ̀rọ Tsuchihashi ni wọ́n ń lò ní Ofuna. Ozu kò yí ọ̀rọ̀ rẹ̀ padà. Ó kó àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ padà sí Kamata tí ó ti ṣófo láti ya *Hitori musuko*, èyí tí ìtumọ̀ rẹ̀ jẹ́ ọmọkùnrin kan ṣoṣo. Gbọ̀ngàn àtijọ́ náà kò dí ariwo. Bí ọkọ̀ ojú irin bá ń kọjá ní ọ̀sán, makirofóònù ń gbọ́ ọ. Wọ́n wá ń yà á lóru, láti ọ̀gànjọ́ títí di ìdájí, nígbà tí ọkọ̀ ojú irin ti sùn.

Ibi tí ó ye kí inú ayàwòrán dùn jù ni ó ti gbé kámẹ́rà sílẹ̀. Shigehara wà nídìí ẹ̀rọ ohùn, Sugimoto Shojiro ni ó sì ya àwòrán. Ẹni tí ó kó ojú Ozu jọ fún ọdún mẹ́jọ wá di etí rẹ̀.

Iida Choko ni ó ṣe ìyá nínú *Hitori musuko*. Opó ni ìyá náà, ilé-iṣẹ́ tí wọ́n ti ń rán òwú ṣẹ́dà ni ó ti ń ṣiṣẹ́. Ó ta gbogbo ohun tí ó ní kí ọmọ rẹ̀ lè lọ sílé ẹ̀kọ́. Nígbà tí ó lọ bẹ̀ ẹ́ wò ní Tokyo, ó bá a gẹ́gẹ́ bí olùkọ́ ilé ẹ̀kọ́ alẹ́ tí owó kò tó lọ́wọ́ rẹ̀, ní ibi tí wọ́n ti ń sun pàǹtírí ìlú. Iida Choko yìí ni ìyàwó Shigehara. Ó ti wà nínú *Dekigokoro*, nínú *Ukikusa monogatari* àti nínú *Tokyo no yado*. Ọkọ rẹ̀ ti ya ojú rẹ̀ láìmọye ìgbà, nínú òkùnkùn àti nínú oòrùn. Ohùn rẹ̀ ni iṣẹ́ tí ó kù. Nínú olóhùn àkọ́kọ́ tí Ozu ṣe, ẹ̀rọ ọkọ ni ó gba ohùn aya.

Nínú ìtàn náà, ọmọ mú ìyá rẹ̀ lọ sí ilé sinimá. Ó fẹ́ fi ohun ọ̀làjú Tokyo hàn án, ó sì fi yé e pé olóhùn nìyí. Sinimá èdè Jámánì ni wọ́n ń fi hàn, àwọn òyìnbó ń kọrin nínú rẹ̀. Ọmọ bojú wẹ̀yìn wo ìyá rẹ̀, ó rí i pé ó ti sùn lọ. Lẹ́yìn ọdún márùn-ún tí wọ́n ti ń retí ẹ̀rọ, eléyìí ni àwàdà tí Ozu fi kí sinimá olóhùn káàbọ̀, Shigehara sì ni ó jókòó tí ó ń gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀.

Lẹ́yìn Shigehara

Ní ọdún 1937, orúkọ Shigehara tún wà nínú iṣẹ́ kámẹ́rà *Shukujo wa nani o wasureta ka*, ṣùgbọ́n orúkọ kejì wà pẹ̀lú rẹ̀: Atsuta Yuharu. Ọmọṣẹ́ Shigehara ni Atsuta. Òun ni ó ti ń gbé kámẹ́rà, tí ó ń wọn ìwọ̀n jíjìnnà, tí ó ń dojú bolẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀gá rẹ̀ láti ìgbà aláìfọhùn. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún náà, wọ́n pe Ozu sí iṣẹ́ ológun, wọ́n sì rán an lọ sí ogun ilẹ̀ Ṣáínà. Nígbà tí ó padà tí ó sì tún bẹ̀rẹ̀ sí í darí sinimá ní ọdún 1941, Atsuta nìkan ni ó wà lẹ́yìn kámẹ́rà. Ibẹ̀ ni ó wà nínú èyí tí ó pọ̀ jù lọ nínú iṣẹ́ Ozu títí di èyí tí ó ṣe kẹ́yìn ní ọdún 1962.

Ìdí nìyí tí àwọn tí wọ́n mọ sinimá Ozu ti ẹ̀yìn ogun fi ń rò pé Atsuta ni ó bẹ̀rẹ̀ ohun tí ó jogún. Nígbà tí Wim Wenders, olùdarí ọmọ Jámánì, wá sí Tokyo láti ya *Tokyo-Ga*, tí ó jáde ní ọdún 1985, Ozu ti kú láti ọdún 1963. Atsuta ti darúgbó. Ó gbé ẹsẹ̀ kámẹ́rà kékeré tí wọ́n ń lò jáde, èyí tí kò ga ju orúnkún lọ, ó sì fi bí wọ́n ti ń wo inú ẹ̀rọ láti ilẹ̀ hàn wọ́n, bí ó ti kọ́ ọ nígbà tí ó wà lọ́dọ̀ ọ̀gá rẹ̀ ní Kamata.